Wòlíì Mósè àti Òru Ìrékọjá



Ní àkókò Lẹ́ńtì kan tí ó ti kọjá, ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa ní Adewui níhìn-ín dúró dè mí lẹ́yìn ẹ̀kọ́. Ó ti gbọ́ pé ní Àìsùn Àjíǹde, kí a tó da omi ìsàmì lé òun lórí, a óò ka ìtàn bí àwọn ọmọ Ísírẹ́lì ṣe jáde kúrò ní Íjíbítì tí wọ́n sì la òkun kọjá. Ó wá béèrè lọ́wọ́ mi ohun tí ọ̀rọ̀ àwọn Júù ayé àtijọ́ fi kan òun, ọmọ Yorùbá tí a bí sí Lomé, tí kò sí ẹnì kan nínú ìdílé rẹ̀ tí ó dé Íjíbítì rí. Ìdáhùn tí mo fún un lọ́jọ́ náà kéré, nítorí ilẹ̀ ti ń ṣú, ó sì fẹ́ tètè rí zémidjan tí yóò gbé e délé. Ṣùgbọ́n ìbéèrè náà kò kúrò lọ́kàn mi. Ìdí nìyí tí mo fi fẹ́ sọ ìgbésí-ayé Mósè fún yín lónìí, kí ẹ̀yin fúnra yín lè wá ibi tí ẹ wà nínú ìtàn náà.

Ọmọ inú agbọ̀n

Ìyàn ni ó lé àwọn ọmọ Jákọ́bù lọ sí Íjíbítì, ní ìgbà tí Jósẹ́fù arákùnrin wọn jẹ́ igbákejì ọba níbẹ̀. Wọ́n tẹ̀dó sí agbègbè Góṣénì, wọ́n ń da ẹran wọn, wọ́n sì ń bí sí i. Ọdún ń gorí ọdún, títí ọba mìíràn fi jẹ tí kò mọ Jósẹ́fù. Ọba yìí rí i pé àwọn àlejò náà ti pọ̀, ẹ̀rù sì bà á. Ó sọ wọ́n di ẹrú, ó ń fi wọ́n po amọ̀, ó ń fi wọ́n mọ bíríkì. Àwọn ni wọ́n kọ́ ìlú ìṣúra Pítómù àti Rámésésì fún un. Nígbà tí ó rí i pé ìyà kò dín wọn kù, ó pàṣẹ fún àwọn agbẹ̀bí méjì, Ṣífúrà àti Púà, pé kí wọ́n máa pa gbogbo ọmọkùnrin Hébérù tí wọ́n bá gbẹ̀bí rẹ̀. Àwọn obìnrin méjì yìí bẹ̀rù Ọlọ́run ju ọba lọ, wọn kò sì pa ọmọ kankan. Ọba wá pàṣẹ fún gbogbo ènìyàn rẹ̀ pé kí wọ́n máa ju àwọn ọmọkùnrin náà sínú odò Náílì.

Ní àkókò náà ni a bí Mósè sínú ẹ̀yà Léfì. Ámúrámù ni orúkọ bàbá rẹ̀, Jókébédì ni orúkọ ìyá rẹ̀. Ìyá náà gbé ọmọ pamọ́ fún oṣù mẹ́ta. Nígbà tí kò lè gbé e pamọ́ mọ́, ó fi koríko etí odò hun agbọ̀n, ó fi ọ̀dà rẹ́ ẹ kí omi má baà wọlé, ó tẹ́ ọmọ náà sínú rẹ̀, ó sì gbé e sáàárín esùsú ní etí odò. Ẹ̀gbọ́n ọmọ náà obìnrin, tí a mọ̀ sí Míríámù, dúró ní òkèèrè láti wo ohun tí yóò ṣẹlẹ̀. Ọmọbìnrin Fáráò wá wẹ̀, ó rí agbọ̀n náà, ó ṣí i, ó rí ọmọ tí ń sunkún, àánú rẹ̀ sì ṣe é. Míríámù sún mọ́ ọn, ó béèrè bóyá kí òun wá alágbàtọ́ kan fún un láàárín àwọn obìnrin Hébérù, ó sì lọ pe ìyá tí ó bí ọmọ náà. Báyìí ni Jókébédì ṣe gba owó-ọ̀yà láti ilé Fáráò láti fún ọmọ tirẹ̀ lọ́mú.

Ẹ kíyèsí i, ẹ̀yin ará: inú omi tí ọba fẹ́ kí ọmọ náà kú sí ni Ọlọ́run ti mú un jáde láàyè. Ẹ fi í sọ́kàn, nítorí a óò tún bá omi pàdé nínú ìtàn yìí.

Àlejò ní ilẹ̀ àjèjì

Mósè dàgbà ní ààfin, ó sì kọ́ ọgbọ́n àwọn ará Íjíbítì. Gẹ́gẹ́ bí Sítéfánù Mímọ́ ti ròyìn rẹ̀ nínú Ìṣe àwọn Àpọ́sítélì, ó pé ọmọ ogójì ọdún nígbà tí ó jáde lọ wo àwọn ará rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ ẹrú. Ó rí ará Íjíbítì kan tí ń lu ọkùnrin Hébérù kan. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, kò rí ẹnìkan, ó lu ará Íjíbítì náà pa, ó sì fi iyanrìn bò ó mọ́lẹ̀. Ní ọjọ́ kejì ó rí Hébérù méjì tí wọ́n ń jà, ó fẹ́ là wọ́n, ṣùgbọ́n èyí tí ó jẹ̀bi béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ ẹni tí ó fi í jẹ onídàájọ́ lórí wọn, ó sì jẹ́ kí ó mọ̀ pé ọ̀rọ̀ àná ti di mímọ̀. Fáráò ń wá a láti pa á. Mósè sá.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ níhìn-ín. Ìwé Mímọ́ kò bo àṣìṣe Mósè mọ́lẹ̀ bí òun ti bo òkú náà. Ẹni tí Ọlọ́run yóò fi òfin Rẹ̀ lé lọ́wọ́ ti pa ènìyàn rí. Bí ẹnìkan nínú yín bá ń rò pé ohun tí òun ti ṣe sẹ́yìn ti sé ilẹ̀kùn mọ́ òun, kí ó rántí ọkùnrin yìí.

Mósè sá lọ sí ilẹ̀ Mídíánì, ó sì jókòó létí kànga kan. Àwọn ọmọbìnrin àlùfáà ilẹ̀ náà, tí à ń pè ní Jẹ́tírò, wá pọn omi fún ẹran wọn, àwọn darandaran sì fẹ́ lé wọn. Mósè gbèjà wọn. Jẹ́tírò gbà á sílé, ó fi Sípórà ọmọ rẹ̀ fún un ní aya. Nígbà tí Sípórà bí ọmọkùnrin, Mósè sọ ọ́ ní Gẹ́ṣómù, orúkọ tí ó ń sọ pé àlejò ni bàbá ọmọ náà jẹ́ ní ilẹ̀ tí kì í ṣe tirẹ̀. Àwa Yorùbá mọ̀ pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Mósè wo ilé rẹ̀, ó rí i pé òun kò ní ilé. Ọ̀pọ̀ nínú wa tí àwọn òbí wa wá ṣòwò ní Lomé láti ilẹ̀ Nàìjíríà tàbí láti Bẹ̀nẹ̀, tí a ti lo ọdún púpọ̀ níhìn-ín tí a sì ń pè wá ní àlejò síbẹ̀, kò nílò ẹni tí yóò túmọ̀ orúkọ Gẹ́ṣómù fún wa.

Ìpè láti inú iná

Ogójì ọdún mìíràn kọjá. Mósè, ọmọ ààfin, ti di darandaran lọ́dọ̀ àna rẹ̀. Ní ọjọ́ kan ó da ẹran dé òkè Hórébù, ó rí igbó kékeré kan tí iná ń jó nínú rẹ̀ tí igbó náà kò sì run. Bí ó ti yà sí i láti wò ó, Ọlọ́run pe orúkọ rẹ̀, ó sì ní kí ó bọ́ bàtà ẹsẹ̀ rẹ̀ nítorí ilẹ̀ mímọ́ ni ó dúró lé. Ọlọ́run jẹ́ kí ó mọ̀ pé Òun ti rí ìyà àwọn ènìyàn Òun, Òun ti gbọ́ igbe wọn, àti pé Mósè ni Òun yóò rán sí Fáráò láti kó wọn jáde. Níbẹ̀ ni Ó ti fi orúkọ Rẹ̀ hàn án, orúkọ tí ó fi yé wa pé Ọlọ́run wà, Ó wà títí láé, Ó sì wà pẹ̀lú àwọn tirẹ̀.

Mósè kò yára gbà. Ó sọ pé òun kì í ṣe ẹnì kan tí ó tó bẹ́ẹ̀. Ó béèrè orúkọ tí òun yóò pe Ẹni tí ó rán òun. Ó ní àwọn ènìyàn náà kò ní gba òun gbọ́. Ó ní ahọ́n òun wúwo. Níkẹyìn ó bẹ Ọlọ́run pé kí Ó rán ẹlòmíràn. Inú bí Ọlọ́run, síbẹ̀ kò fi í sílẹ̀; Ó fún un ní Áárónì ẹ̀gbọ́n rẹ̀ láti máa bá a sọ̀rọ̀. Àwọn kan wà nínú yín tí wọ́n ń rò pé àwọn kò kàwé tó láti di Kristẹni, àwọn kan ń rò pé ọjọ́ orí ti lọ. Mósè jẹ́ ẹni ọgọ́rin ọdún nígbà tí ó dúró níwájú Fáráò.

Ohun tí ó sì kọ́kọ́ tẹ̀yìn iṣẹ́ tí ó jẹ́ wá burú. Fáráò mú iṣẹ́ le sí i: a kò fún àwọn ẹrú ní koríko mọ́, síbẹ̀ iye bíríkì tí wọ́n gbọ́dọ̀ mọ kò dín. Àwọn ènìyàn náà bínú sí Mósè, Mósè náà sì lọ rojọ́ fún Ọlọ́run. Bí ó bá jẹ́ pé láti ìgbà tí ẹ ti forúkọ sílẹ̀ fún ẹ̀kọ́ yìí ni àwọn ará ilé ti ń fojú mìíràn wò yín, tàbí tí nǹkan ti le sí i, ẹ má ṣe rò pé ẹ ti ṣìnà. Fáráò kì í fi ẹrú sílẹ̀ láìjà.

Òru Ìrékọjá

Àjàkálẹ̀ mẹ́sàn-án ni Ọlọ́run rán sí Íjíbítì, láti orí omi tí ó di ẹ̀jẹ̀ títí dé òkùnkùn ọjọ́ mẹ́ta, Fáráò sì ń sé ọkàn rẹ̀ le. Kí ìkẹwàá tó dé, Ọlọ́run fún Mósè ní ìlànà àjọ kan. Ẹ fetí sílẹ̀ dáadáa, nítorí orí ìlànà yìí ni gbogbo ẹ̀kọ́ wa dúró lé.

Oṣù náà ni oṣù Ábíbù, tí a wá ń pè ní Nísánì lẹ́yìn náà, ìgbà ìrúwé ní ilẹ̀ wọn, tí ọkà bálì ń yọ orí. Ní ọjọ́ kẹwàá oṣù, kí olúkúlùkù ilé mú ọ̀dọ́-àgùntàn kan, akọ, ọlọ́dún kan, tí kò ní àbùkù. Bí ilé kan bá kéré jù, kí ó pín in pẹ̀lú aládùúgbò rẹ̀. Ní ọjọ́ kẹrìnlá, ní àṣálẹ́, kí wọ́n pa á, kí wọ́n fi ewé hísópù tọ́ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ sí òpó ilẹ̀kùn méjèèjì àti àtẹ́rígbà. Kí wọ́n fi iná sun ẹran náà, kí wọ́n jẹ ẹ́ ní òru yẹn kan náà, kí wọ́n má ṣe fọ́ egungun rẹ̀ kankan, kí wọ́n má sì ṣẹ́ ẹ kù di òwúrọ̀. Kí wọ́n fi àkàrà aláìwú jẹ ẹ́, nítorí kò sí àyè láti dúró de ìyẹ̀fun kí ó wú. Àti ewé kíkorò, èyí tí ẹ lè fi wé ewúro tí a kò fọ̀, nítorí ayé kíkorò tí wọ́n ti jẹ. Kí wọ́n di àmùrè, kí wọ́n wọ bàtà, kí wọ́n mú ọ̀pá lọ́wọ́, kí wọ́n sì fi ìkánjú jẹun bí ẹni tí ọ̀nà ń dúró dè.

Ní ọ̀gànjọ́ òru, ikú kọjá ní ilẹ̀ Íjíbítì. Àkọ́bí kú ní ilé Fáráò, àkọ́bí kú ní ilé ẹrúbìnrin tí ń lọ ọlọ, àkọ́bí ẹran ọ̀sìn pàápàá kú. Ṣùgbọ́n ibi tí ẹ̀jẹ̀ bá ti wà lára òpó ilẹ̀kùn, ìparun ré ibẹ̀ kọjá. Láti inú èyí ni orúkọ àjọ náà ti jáde. Àwọn Hébérù ń pè é ní Pesach. Bíbélì Yorùbá pè é ní Ìrékọjá. Ẹ̀yin tí ẹ lọ sí ilé-ìwé Faransé bíi tèmi, láti inú Pesach náà ni Pâques tí a ń pè lójoojúmọ́ ti wá. Nítorí náà, nígbàkúùgbà tí ẹnìkan bá kí yín kú ọdún Pâques ní Lomé, orúkọ àjọ Mósè ni ó ń pè, ì báà mọ̀, ì báà má mọ̀.

Ní òru náà gan-an ni Fáráò ránṣẹ́ pe Mósè pé kí wọ́n máa lọ. Irínwó ọdún ó lé ọgbọ̀n ni wọ́n ti lò ní Íjíbítì. Ìwé Ẹ́kísódù sì sọ ohun kan tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í kíyèsí: kì í ṣe àwọn ọmọ Ísírẹ́lì nìkan ni ó jáde. Ọ̀pọ̀ ènìyàn mìíràn, láti oríṣìíríṣìí ẹ̀yà, bá wọn lọ. Àwọn wọ̀nyí kì í ṣe ọmọ Jákọ́bù, ṣùgbọ́n wọ́n rí ohun tí Ọlọ́run ṣe, wọ́n sì gbé ẹrù wọn. Òfin kan náà ni Ọlọ́run fi lélẹ̀ nípa wọn. Àlejò tí kò tíì gba àmì májẹ̀mú kò gbọdọ̀ jẹ nínú Ìrékọjá. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti gba àmì náà, kí ó wá jẹ, yóò sì dà bí ẹni tí a bí ní ilẹ̀ náà.

Mo mọ̀ bí ó ti máa ń rí lára yín ní ọjọ́ Ìsinmi, nígbà tí àwọn ẹlòmíràn bá dìde lọ gba Ara Olúwa tí ẹ̀yin sì jókòó. Ẹlòmíràn nínú yín máa ń tẹ orí ba. Ẹ rántí òfin yìí. Tábìlì náà kò sé mọ́ àlejò. Ọ̀nà kan wà tí ó fi ń dé ibẹ̀, ẹ sì ti wà lójú ọ̀nà náà.

Omi níwájú, ogun lẹ́yìn

Fáráò kábàámọ̀ pé òun jẹ́ kí ẹrú lọ. Ó kó ẹgbẹ̀ta àṣàyàn kẹ̀kẹ́-ogun àti gbogbo kẹ̀kẹ́ Íjíbítì yòókù, ó sì lé wọn bá létí òkun. Ẹ̀yin tí ẹ ti dúró ní etíkun Lomé nígbà tí ìgbì ń ru, tí ẹ mọ bí omi yẹn ti ń fa ènìyàn lẹ́sẹ̀, ẹ lè fojú inú rí àwọn ènìyàn náà: ìyá tí ó pọn ọmọ, arúgbó tí ó ń tẹ̀pá, omi níwájú, eruku kẹ̀kẹ́-ogun lẹ́yìn. Wọ́n kígbe mọ́ Mósè, wọ́n ní ìbá sàn kí àwọn máa sìnrú ju kí àwọn kú sí aginjù. Mósè ní kí wọ́n má bẹ̀rù, kí wọ́n dúró, kí wọ́n wo ìgbàlà Ọlọ́run. Ó na ọwọ́ rẹ̀ sórí òkun. Afẹ́fẹ́ líle láti ìlà-oòrùn fẹ́ ní gbogbo òru, omi pínyà, wọ́n sì gba orí ìyàngbẹ ilẹ̀ kọjá. Nígbà tí àwọn ọmọ-ogun Fáráò tẹ̀lé wọn, omi padà sí àyè rẹ̀. Ní òwúrọ̀, Míríámù mú ìlù lọ́wọ́, àwọn obìnrin tẹ̀lé e pẹ̀lú ijó, wọ́n sì fi orin yin Ọlọ́run.

Wọ́n wọ inú omi gẹ́gẹ́ bí ẹrú. Wọ́n jáde ní òdì kejì gẹ́gẹ́ bí ènìyàn Ọlọ́run. Pọ́ọ̀lù Mímọ́ kọ́ àwọn ará Kọ́ríńtì pé ìsàmì ni èyí ń tọ́ka sí. Ohun tí ń lé yín lẹ́yìn, ẹ̀ṣẹ̀ àti ẹ̀rù àti agbára òkùnkùn, inú omi ni yóò kù sí.

Ogójì ọdún ní aginjù

Òmìnira kò mú kí ọ̀nà kúrú. Ní òkè Sínáì, Ọlọ́run bá wọn dá májẹ̀mú, ó sì fún Mósè ní Òfin Mẹ́wàá lórí wàláà òkúta. Mósè kò tíì sọ̀kalẹ̀ tí wọ́n fi yá ère ọmọ màlúù oníwúrà tí wọ́n sì ń bọ ọ́. Mósè fọ́ wàláà náà, ṣùgbọ́n nígbà tí Ọlọ́run fẹ́ pa àwọn ènìyàn náà run, ó dúró láàárín, ó bẹ̀bẹ̀ fún wọn, ó sì ní kí Ọlọ́run kúkú pa orúkọ òun rẹ́ bí kò bá ní dárí jì wọ́n. Ọlọ́run fi mánà bọ́ wọn, ó fún wọn ní omi láti inú àpáta, wọ́n sì ń kùn síbẹ̀. Ẹja àti kùkúńbà Íjíbítì ni ọkàn wọn ń fà sí.

Mósè náà kọsẹ̀. Ní Mẹ́ríbà, Ọlọ́run ní kí ó bá àpáta sọ̀rọ̀. Ó fi ìbínú lu àpáta náà lẹ́ẹ̀mejì. Nítorí èyí, Ọlọ́run sọ fún un pé kò ní wọ ilẹ̀ ìlérí. Ó fi ọwọ́ rẹ̀ yan Jóṣúà láti rọ́pò ara rẹ̀, ó gun òkè Nébò ní ilẹ̀ Móábù, ó wo ilẹ̀ náà láti òkèèrè, ó sì kú níbẹ̀ ní ẹni ọgọ́fà ọdún. Ojú rẹ̀ kò ṣe bàìbàì, agbára rẹ̀ kò sì dín. Àwọn ènìyàn ṣọ̀fọ̀ rẹ̀ fún ọgbọ̀n ọjọ́. Kò sí ẹni tí ó mọ ibojì rẹ̀. Ìjọ wa ń ṣe ìrántí rẹ̀ ní ọjọ́ kẹrin oṣù Kẹsàn-án.

Bí àwọn Júù ṣe ń pa àjọ náà mọ́

Mósè ti pàṣẹ pé nígbà tí àwọn ọmọ bá béèrè ìtumọ̀ àjọ náà, kí àwọn òbí sọ ìtàn náà fún wọn. Àwọn Júù kò jẹ́ kí àṣẹ yìí bọ́ sílẹ̀. Ní ayé Olúwa wa, wọ́n máa ń gòkè lọ sí Jerúsálẹ́mù láti pa ọ̀dọ́-àgùntàn ní Tẹ́mpìlì. Ní ọdún 70 lẹ́yìn ìbí Kristi, àwọn ará Róòmù wó Tẹ́mpìlì náà, ẹbọ sì dópin níbẹ̀. Láti ìgbà náà ni àjọ ti fìdí múlẹ̀ nínú ilé. Àwọn ará Samáríà díẹ̀ tí ó kù ṣì ń pa ọ̀dọ́-àgùntàn Ìrékọjá lórí òkè Gérísímù títí di òní.

Àjọ náà máa ń bọ́ sí oṣù Kẹta tàbí oṣù Kẹrin wa, nígbà tí òṣùpá bá di àrànmọ́jú. Ọjọ́ méje ni ní ilẹ̀ Ísírẹ́lì. Ọ̀pọ̀ Júù tí ń gbé ní ilẹ̀ mìíràn ń ṣe é fún ọjọ́ mẹ́jọ. Kí ó tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n á gbá gbogbo ilé mọ́, wọ́n á tan àbẹ́là, wọ́n á wá gbogbo ìgun, kí èérún ohun tí ó ní ìwúkàrà má baà kù síbẹ̀. Ní alẹ́ àkọ́kọ́, ìdílé á pé jókòó sí oúnjẹ tí wọ́n ń pè ní Seder. Àkàrà aláìwú á wà níbẹ̀, àti ewé kíkorò, àti ewébẹ̀ tí a ń rì bọ omi iyọ̀ nítorí omijé ẹrú, àti àdàlù èso dídùn kan tí ó dà bí amọ̀ bíríkì, àti egungun ẹran tí ó ń ránni létí ọ̀dọ́-àgùntàn. Wọ́n á mu ife wáìnì mẹ́rin. Ọmọ tí ó kéré jù lọ ni yóò dìde béèrè ìdí tí òru yìí fi yàtọ̀ sí òru mìíràn, àwọn àgbà á sì sọ ìtàn náà bí ẹni pé àwọn fúnra wọn ni wọ́n jáde ní Íjíbítì. Nígbà tí wọ́n bá ń ka àwọn àjàkálẹ̀ mẹ́wàá, wọ́n á máa kán wáìnì díẹ̀ dànù nínú ife wọn. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ń túmọ̀ rẹ̀ pé ayọ̀ ẹni kò lè kún nígbà tí ẹlòmíràn kú, ì báà jẹ́ ọ̀tá. Wọ́n á sì ṣí ilẹ̀kùn fún wòlíì Èlíjà.

Ẹ má ṣe fi àwọn Júù ṣẹ̀sín. Ní ọdún 1965, Àpéjọ Ńlá Vátíkánì Kejì kọ́ wa nínú ìwé Nostra Aetate pé a kò gbọdọ̀ di ẹ̀bi ikú Olúwa ru gbogbo wọn, àti pé inú gbòǹgbò wọn ni Ìjọ ti hù jáde. Mímọ́ Jòhánù Pọ́ọ̀lù Kejì, ẹni tí ó wá sí ilẹ̀ Tógò wa ní oṣù Kẹjọ ọdún 1985, lọ sí sínágọ́gù àwọn Júù ní Róòmù ní oṣù Kẹrin ọdún 1986. Ní oṣù Kẹta ọdún 2000, ó dúró lórí òkè Nébò, níbi tí Mósè ti wo ilẹ̀ ìlérí.

Ọ̀dọ́-Àgùntàn tòótọ́

Júù ni Olúwa wa Jésù Kristi. Ní ọmọ ọdún méjìlá, ó bá Jósẹ́fù àti Màríà lọ sí àjọ Ìrékọjá ní Jerúsálẹ́mù. Ní alẹ́ tí ó ṣáájú ikú rẹ̀, nígbà àjọ yìí kan náà, ó mú àkàrà àti ife wáìnì, ó sì fi wọ́n fún àwọn ọmọ-ẹ̀yìn rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí Ara àti Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Jòhánù Mímọ́ jẹ́rìí pé a kò fọ́ egungun rẹ̀ kankan lórí àgbélébùú, gẹ́gẹ́ bí òfin ọ̀dọ́-àgùntàn. Òun ni Ìrékọjá wa. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ni àmì tí a fi ń ré ikú kọjá.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ Ìjọ, àríyànjiyàn wà lórí ọjọ́ tí ó yẹ láti ṣe àjọ yìí. Àwọn Kristẹni ilẹ̀ Éṣíà ń ṣe é ní ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Nísánì pẹ̀lú àwọn Júù, àwọn yòókù sì ń ṣe é ní ọjọ́ Ìsinmi. Póòpù Fíkítọ̀ Kìn-ín-ní, ọmọ Áfíríkà, ẹni tí ó jẹ Póòpù ní nǹkan bí ọdún 189 sí 199, fẹ́ yọ àwọn ará Éṣíà kúrò nínú ìdàpọ̀ Ìjọ nítorí rẹ̀, ṣùgbọ́n Írénéù Mímọ́, bíṣọ́ọ̀bù Líyọ́ọ̀nù, bẹ̀ ẹ́ pé kí ó má ṣe tú agbo ká nítorí ọjọ́. Àpéjọ Níséà ní ọdún 325 ni ó fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé kí gbogbo Ìjọ máa ṣe Àjíǹde ní ọjọ́ Ìsinmi kan náà.

Nínú Ìjọ wa lónìí, ní Ọjọ́bọ̀ Mímọ́, a ń ka ìlànà ọ̀dọ́-àgùntàn. Ní Àìsùn Àjíǹde, kíkà méje ni a yàn láti inú Májẹ̀mú Láéláé. Àlùfáà lè dín wọn kù bí ìdí bá wà, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ fo ìtàn Òkun Pupa. Nígbà tí ó bá sì ń bùkún omi ìsàmì, yóò tún dárúkọ òkun náà.

Ìdáhùn sí ìbéèrè náà

Ẹ̀yin ará, ẹ jẹ́ kí a padà sọ́dọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ wa. Ó béèrè ohun tí ìtàn àwọn Júù fi kan òun. Bí mo bá tún rí àyè dá a lóhùn, ohun tí n óò sọ nìyí: láti òru àkọ́kọ́ ni àlejò ti wà láàárín àwọn tí ó jáde. Aya Mósè kì í ṣe ọmọ Ísírẹ́lì. Orúkọ àkọ́bí rẹ̀ ń jẹ́rìí sí àlejò. Ogunlọ́gọ̀ oríṣìíríṣìí ẹ̀yà tí kò sí ẹni tí ó kọ orúkọ wọn sílẹ̀ la òkun náà kọjá pẹ̀lú rẹ̀, omi kò sì béèrè ilé bàbá wọn lọ́wọ́ wọn. Ibẹ̀ ni àyè tiwa wà.

Ọ̀rọ̀ Mósè pàápàá kò parí sí Nébò. Nígbà tí Olúwa wa paradà lórí òkè, Mósè àti Èlíjà farahàn pẹ̀lú rẹ̀, Lúùkù Mímọ́ sì sọ pé wọ́n ń bá a sọ̀rọ̀ nípa ìjáde-lọ tí ó fẹ́ ṣe ní Jerúsálẹ́mù. Ẹni tí kò lè wọ ilẹ̀ ìlérí nígbà ayé rẹ̀ wá dúró nínú ilẹ̀ náà ní ẹ̀gbẹ́ Olúwa. Ohun tí Òfin kò lè ṣe fún un, Kristi ṣe é.

Nítorí náà, ní òru Àjíǹde, nígbà tí a bá pa iná ṣọ́ọ̀ṣì, tí àbẹ́là ńlá kan ṣoṣo bá wọlé, tí òǹkàwé sì bẹ̀rẹ̀ ìtàn òkun náà, ẹ má ṣe tẹ́tí bí ẹni tí ń gbọ́ ìtàn ará ìta. Ẹ di àmùrè, ẹ wọ bàtà. A ó pè yín ní orúkọ, ẹ ó sì dìde lọ síbi omi. Lẹ́yìn náà, fún ìgbà àkọ́kọ́, ẹ ó bá wa dé ibi tábìlì.

Ìbéèrè fún àṣàrò

1. Àwáwí wo ni Mósè ṣe níwájú Ọlọ́run? Èwo nínú wọn ni ó jọ tìrẹ?
2. Kí ni ìwúkàrà tí ó yẹ kí o gbá kúrò nínú ilé rẹ kí ọjọ́ Àjíǹde tó dé?
3. Ta ni ó sọ ìtàn ìgbàgbọ́ fún ọ? Ta ni ìwọ náà yóò sọ ọ́ fún?
4. Kí ni ìyàtọ̀ láàárín ọ̀dọ́-àgùntàn Íjíbítì àti Jésù Kristi, Ọ̀dọ́-Àgùntàn Ọlọ́run?